Kókó Márùn-ún Kí Ó Tó Dé Tàmálè

Àwẹ̀ró, ìyá ìyá mi, kì í lo àdó, kì í lo oṣó.
Òwú ló ń ran.
Ní ẹ̀yìnkùlé wa n'Ísàlẹ̀-Àfọ́n, ní Ògbómọ̀ṣọ́,
lábẹ́ máńgòrò tí kì í so dáadáa,
á gbé ìrànwú sínú àwo tánńganran,
á ní kí n pa fìtílà.
Ìràn-rán ni iṣẹ́ náà ń jẹ́:
o ran án, o sì rán an.
Àwọn ará àdúgbò ní ìrànrán ni,
ọ̀rọ̀ ẹni tí ibà ń bá jà.
Kò bá wọn jiyàn. Òwú ò ní etí.

Ohun tó kọ́ mi kò pọ̀.
Má fi ìbínú ran án;
ohun tó bá wà níkùn rẹ ni yóò gun okùn lọ.
Oríkì ni kí o fi pe ẹni náà,
orúkọ inú ìwé kì í gbọ́ ìpè lóru.
Níbi tí àlejò bá ti lè rí ẹní sùn, so kókó,
nítorí ó ń rẹ òwú náà.
Ẹni tó bá sì fi ìtútù ránṣẹ́,
kó wá àyè fún ooru.

Ọdún tí ibà dá Oyèlowò ẹ̀gbọ́n màmá mi dúbúlẹ̀ ní Tàmálè,
níbi tó ti ń ta táyà kẹ̀kẹ́,
ọjọ́ mọ́kànlá ni lẹ́tà fi rìn kó tó bá wa.
Àwẹ̀ró ò sunkún. Ó ní, "Gbé àwo wá."
Ó so kókó n'Ígbẹ́tì, ó so ní Kíṣí,
ó so ní Nìkì, ó so ní Jùgú,
ó so ní Yéndì, ahọ́n rẹ̀ níta bí ti ọmọ tó ń kọ́ ìwé.
"Àkàngbé, Àkàngbé,
gba atẹ́gùn abẹ́ máńgòrò."
Nígbà tí àkùkọ kọ, ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ gbóná bí ìdí ìkòkò,
ìléròrò yọ ní ìka mẹ́ta.

Lẹ́tà kejì dé lẹ́yìn oṣù kan:
"Ìyá, lóru Ọjọ́bọ̀ ara mi balẹ̀.
Ẹ jọ̀ọ́, ta ló gbọn ewé máńgòrò sí mi lára?"
Mo kà á fún un. Ó ní kí n tún un kà.
Lẹ́yìn náà ó ní iyọ̀ ọbẹ̀ àná pọ̀ jù.

Èmi náà ti darúgbó báyìí.
Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ni mo fi gún abẹ́rẹ́ ní ọsibítù.
Ìbídùnní, ọmọ mi kan ṣoṣo, wà ní Kánádà.
Lórí fóònù ó ní, "Mo wà dáadáa, Màmi,"
ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ rí bí aṣọ tí a sá tí kò gbẹ.
Mo tú àpótí, mo rí ìrànwú pẹ̀lú eruku rẹ̀.
Mo so kókó títí dé Tàmálè,
mo dé etí òkun, mo dúró.
Ta ni yóò tẹ́ ẹní fún òwú lórí omi?
Òru mẹ́ta ni mo fi ran án,
òru mẹ́ta ló fi já.

Ní òru kẹrin, kí n tó pa iná pàápàá,
òwú fà.
Kì í ṣe èmi ni mo fà á.
Orúnkún mi òsì, tó ti ń ro mí láti ìgbà ọ̀gbẹlẹ̀,
rọ̀, ó móoru,
bí ilẹ̀kùn tí wọ́n ta epo sí ní ìdè.

N kò kọ́ ọ.
Ọmọ ọdún mẹ́rin ni nígbà tí Àwẹ̀ró kú;
orí itan rẹ̀ ló máa ń sùn sí
nígbà tí ìrànwú bá ń yí.
Òwú tí ìyá gbọ̀n lọmọ ń ran, mo mọ èyí.
Kò sẹ́ni tó sọ fún mi pé ọmọ lè ran án padà.

Mo pè é kíá. Ó ti rẹ̀ ẹ́, mo gbọ́ ọ lóhùn rẹ̀.
"Ta ló rán ọ níṣẹ́?"
Ó dákẹ́.
"Ìka mélòó ló tutù?"
"Méjì, Màmi. Kò le púpọ̀."
Mo ní kó fi wọ́n sábẹ́ apá.
Mo ní kó jẹun.